Ṣé Aṣọ Àwọn Baba Ńlá Wa ni Ankara?

Bí ilé-ìwé bá ní kí àwọn ọmọ wọ aṣọ ìbílẹ̀ wá ní ọjọ́ àṣà, Ankara ni ọ̀pọ̀ òbí máa ń sáré lọ rán. Ṣùgbọ́n àwọn kan ti dìde lórí Facebook báyìí pé irọ́ ni, aṣọ àwọn ará Họ́láńdì ni, òyìnbó ló rẹ́ wa jẹ. Wọ́n ní ẹni tó bá fẹ́ aṣọ Yorùbá tí kò lábùlà, kó lọ wá aṣọ òkè. Ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì ló lábùkù. Ti àwọn tó ń bínú yìí ló sì le jù láti rí, nítorí ìdajì rẹ̀ jẹ́ òótọ́.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ fún wọn ní ẹ̀tọ́ wọn. Àwọn ará Java, ní Indonéṣíà, ló ń fi ìda ya àrà sára aṣọ kí wọ́n tó rì í sínú aró. Batik ni wọ́n ń pè é. Họ́láńdì ló ń jẹ gàba lé wọn lórí nígbà náà, àwọn oníṣòwò rẹ̀ sì rò ó pé bí ẹ̀rọ bá lè ṣe iṣẹ́ tí obìnrin Java ń fi ọwọ́ ṣe, àwọn á máa tà á ní ẹ̀dínwó fún àwọn ará Java gan-an. Ilé iṣẹ́ Vlisco, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ìlú Helmond ní 1846, wà lára àwọn tó wọ òwò náà. Àmọ́ oje igi tí ẹ̀rọ ń lò dípò ìda máa ń sán, aró á gba ibi tó sán wọlé, á wá fa ìlà wínníwínní káàkiri aṣọ. Àbùkù ni ará Java ka ìlà yẹn sí. Nígbà tí oníṣòwò kan láti Scotland, Ebenezer Brown Fleming, wá ń kó o lọ sí Gold Coast (Gánà òde òní) ní nǹkan bí ọdún 1890 sókè, ìlà yẹn ò dí ọjà lọ́wọ́ rárá. Àwọn obìnrin ibẹ̀ gba aṣọ náà tọwọ́tẹsẹ̀. Òun ni à ń pè ní Ankara lónìí.

Nítorí náà, Odùduwà ò ró Ankara. Ìyẹn ti yanjú.

Ó ku ẹni tó sọ ọ́ di tiwa. Ní ilé iṣẹ́, nọ́ńbà lásán ni àrà kọ̀ọ̀kan ń jẹ́. Àwọn ìyálọ́jà ló ń sọ wọ́n lórúkọ. Ọ̀kan wà tí wọ́n ya àgò ẹyẹ sí, ilẹ̀kùn rẹ̀ ṣí sílẹ̀, ẹyẹ ń fò jáde. Orúkọ tí wọ́n fún un lédè Faransé ní Tógò àti Ivory Coast ni “Bí o bá jáde, èmi náà á jáde.” Ìyàwó tó bá ró ìyẹn lọ sóde, kò nílò àtibá ọkọ rẹ̀ fa ọ̀rọ̀ mọ́. Ní Lomé, àwọn ọlọ́jà tí wọ́n ń pè ní Nana Benz, nítorí Mercedes tí wọ́n ń gùn, gba ẹ̀tọ́ pé àwọn nìkan ni yóò máa ta àrà kan tàbí òmíràn. Àwọn ló ń sọ fún òyìnbó èyí tí yóò tà àti èyí tí kò ní kúrò ní ṣọ́ọ̀bù. Mi ò rí ẹni tí wọ́n rẹ́ jẹ tó tún ń pàṣẹ báyẹn.

Ó wá ku aṣọ òkè tí wọ́n ní kò lábùlà. Sányán, òótọ́ ni, kòkòrò ilẹ̀ wa ló ń pèsè fọ́nrán rẹ̀. Ṣùgbọ́n àlàárì àtijọ́ ńkọ́? Sílíkì pupa rẹ̀, láti etí òkun Mẹditaréníà ló ti ń bọ̀. Ràkúnmí ló ń gbé e la aginjù Sàhárà já dé Kánò, kó tó dé ọwọ́ àwọn ahunṣọ wa. Àdìrẹ náà ńkọ́? Aṣọ funfun tí àwọn aládìrẹ Abẹ́òkúta ń rì sínú aró ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, ọkọ̀ ojú omi ló kó o wá láti Manchester. Àrà àdìrẹ kan tí wọ́n ń pè ní Olọ́ba tilẹ̀ ní àwòrán Ọba George Karùn-ún àti ayaba rẹ̀ nínú, láti ìgbà àjọ̀dún ọdún kẹẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n tó gorí oyè, ní 1935. Ìyá aládìrẹ mú ọba òyìnbó, ó fi ẹ̀kọ lááfún yà á sára aṣọ, ó rì í sínú aró, ó tà á. Ta ló jẹ gàba lé ta lórí níbẹ̀?

Ibi tí ẹ̀kọ́ tí àwọn ọ̀mọ̀wé ń pè ní postcolonial theory, èyí tó ń yẹ ohun tí ìjọba amúnisìn fi sílẹ̀ wò, ti wúlò nìyí. Edward Said, ọmọ Palẹstínì tó di ọ̀jọ̀gbọ́n ní Amẹ́ríkà, fi hàn ní 1978 pé ọ̀kan lára ọ̀nà tí àwọn ará Yúróòpù fi ń jọba lórí àwọn ará Ìlà-Oòrùn ni pé wọ́n ń ṣàpèjúwe wọn bí ẹni tí kì í yí padà: ìtàn ti òyìnbó ń lọ síwájú, àwọn ìyókù dúró sójú kan. Ohun kan náà ni wọ́n sọ nípa ilẹ̀ Áfíríkà. Ẹni tó bá wá ní aṣọ Yorùbá ò gbọdọ̀ ní òwú àjèjì nínú kó tó jẹ́ ojúlówó, ó rò pé òun ń bọ́ àjàgà amúnisìn kúrò lọ́rùn ni. Òfin amúnisìn ló ń tẹ̀ lé. Kò sẹ́ni tó ń sọ fún òyìnbó pé tíì tó ń mu kì í ṣe àṣà rẹ̀ torí pé Ṣáínà ló ti wá.

Mi ò sọ pé kò sí ìrẹ́jẹ níbẹ̀ o. Ibi tí wọ́n ń wá a sí ni kò tọ́. Ẹ wo ẹni tí owó ń wọ àpò rẹ̀. Ní January 1994, wọ́n gé iye owó CFA, tí wọ́n ń ná ní Tógò, sí ìdajì, aṣọ Helmond wọ́n kọjá agbára, òwò àwọn Nana Benz sì wó lulẹ̀. Àwọn ilé iṣẹ́ Ṣáínà wá ń ṣe ẹ̀dà àrà kan náà ní owó pọ́ọ́kú. Ní ọ̀dọ̀ wa, UNTL, ilé iṣẹ́ aṣọ ńlá kan ní Kàdúná, ti ilẹ̀kùn ní 2007, ẹgbẹẹgbẹ̀rún òṣìṣẹ́ sì di aláìníṣẹ́. Àrà tí àwọn ìyálọ́jà fi ọgbọ́n orí wọn sọ lórúkọ, ilé iṣẹ́ ló ni ín lábẹ́ òfin.

Àdìrẹ pàápàá ti wọ̀ ọ́ báyìí. Lọ́jà Ìtòkú ní Abẹ́òkúta, aṣọ tí wọ́n fi ẹ̀rọ tẹ àrà àdìrẹ sí ní òkè òkun ń bá ti àwọn ìyá aláró du oníbàárà, owó rẹ̀ sì kéré. Bí ẹ bá débẹ̀, tí ẹ fẹ́ kí owó yín dé ọwọ́ ẹni tó rẹ aṣọ, ẹ yí ẹ̀yìn rẹ̀ wò kí ẹ tó ná an. Aró máa ń wọ aṣọ já. Èyí tí wọ́n tẹ̀, àwọ̀ ẹ̀yìn rẹ̀ sábà máa ń ṣá.