"Mo ti pààrọ̀ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀, ó ti di tèmi"

Ohun tí ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ tó ń kọ project máa ń sọ nìyẹn nígbà tí ọjọ́ bá ti ń lọ. Wọ́n á gbé iṣẹ́ ẹlòmíì, wọ́n á máa yọ ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan, wọ́n á fi èyí tó jọ ọ́ rọ́pò. Àwọn mìíràn ò tilẹ̀ ṣe wàhálà yẹn mọ́. Wọ́n á dà á sínú ẹ̀rọ orí íntánẹ́ẹ̀tì tó ń bá ènìyàn pààrọ̀ ọ̀rọ̀, ó parí.

Ẹ jẹ́ ká fi Yorùbá wa wò ó. A máa ń wọ aṣọ, a máa ń dé fìlà, a máa ń wé gèlè, a sì máa ń ró ìró. Ara náà ni gbogbo rẹ̀ ń lọ, àmọ́ ta ló gbọ́ ọ rí pé ìyàwó dé gèlè lọ sóde? Bẹ́ẹ̀ náà ni kú àti wàjà. Ẹni tó bá kọ ọ́ pé ewúrẹ́ ìyá òun wàjà láàárọ̀, ta ni yóò kí i kú ara fẹ́ra kù láìrẹ́rìn-ín?

Gẹ̀ẹ́sì náà ò yọ sílẹ̀. Ní 2014, ọ̀rọ̀ kan nínú iṣẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ rú Chris Sadler lójú, olùkọ́ ní Yunifásítì Middlesex ní Lọ́ńdọ̀nù: sinister buttocks. Left behind ló wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀, ìyẹn ẹni tí wọ́n fi sílẹ̀ sẹ́yìn. Wọ́n ka left sí òsì (òsì náà ni sinister lédè Látìn, àmọ́ aburú ló jẹ́ lédè Gẹ̀ẹ́sì), wọ́n ka behind sí ìdí, "ìdí aburú" ló wá délẹ̀ fún olùkọ́. Sadler sọ ìwà náà ní Rogeting, nítorí Roget tó gbé ìwé àkójọ ọ̀rọ̀ tó jọra jáde ní 1852.

Kì í ṣe ọmọ ilé-ìwé nìkan o. Ní 2021, Guillaume Cabanac, onímọ̀ kọ̀ǹpútà ará Faransé, àti àwọn akẹgbẹ́ rẹ̀ tú irú rẹ̀ jáde nínú àwọn ìwé ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì. Jẹjẹrẹ ọmú, breast cancer, ti di bosom peril: ewu oókan àyà! Dókítà wo ni yóò fi ìyẹn tọ́jú aláìsàn?

Ti olè ńkọ́? Èrò onítọ̀hún, bó ṣe to àlàyé rẹ̀, àpẹẹrẹ tó lò, gbogbo rẹ̀ ṣì wà níbẹ̀. Ẹni tó jí aṣọ funfun tó lọ rẹ ẹ́ láró, aṣọ olóhun ṣì ni. Ẹlòmíì á ní Turnitin, ẹ̀rọ tí ilé-ìwé fi ń yẹ iṣẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ wò, ò ṣáà rí i. Ìjọra ni Turnitin ń wò. Kò fún ẹnikẹ́ni ní ìwé ẹ̀rí pé iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ ni.

Èmi máa ń ka ojú ìwé náà tán, màá pa á dé, màá wá rò ó fún ẹnìkan bí ẹni ń ròyìn ọjà. Bí mi ò bá lè rò ó, kò tíì yé mi nìyẹn, màá padà lọ kà á. Bó bá yé mi, màá kọ ọ́ bí mo ṣe sọ ọ́, màá sì dárúkọ ẹni tó ni ín. Gbólóhùn tó bá dùn jù láti fọwọ́ kàn, bó ṣe wà ni mo ń gbé e, pẹ̀lú àmì àyọlò.