Bí Géèmù Onídà Ṣe Ń Pawó

Nínú géèmù tí wọ́n ń pè ní hack and slash, iṣẹ́ kan ṣoṣo ló wà fún ẹni tó di páàdì mú: kó yọ idà, kó wọ àárín ọ̀tá, kó sì máa ṣá wọn balẹ̀. Òmíràn á yọ, á tún ṣá wọn. Ẹni tó bá ń wò ó láti ẹ̀gbẹ́ lè rò pé ohun kan náà ni wọ́n ń ṣe láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, kò sì fi bẹ́ẹ̀ parọ́. Síbẹ̀, Diablo IV tí iléeṣẹ́ Blizzard gbé jáde ní oṣù Kẹfà ọdún 2023 pa 666 mílíọ̀nù dọ́là láàárín ọjọ́ márùn-ún péré. Owó tó tó bẹ́ẹ̀ kì í ṣèèṣì wọlé. Ọgbọ́n kan wà tí wọ́n fi ń so agbágéèmù mọ́lẹ̀, ọgbọ́n mìíràn sì wà tí wọ́n fi ń gbowó lọ́wọ́ rẹ̀. Bí ọgbọ́n kejì bá ti lọ jẹ àkọ́kọ́ run, ọjà bàjẹ́ nìyẹn, iléeṣẹ́ ńlá sì ti fojú ara wọn rí i.

Ohun àkọ́kọ́ tí géèmù yìí ń tà ni bí idà ṣe ń balẹ̀ sí ara. Bí wọ́n bá tẹ bọ́tìnì, apá gbọ́dọ̀ jù lójú ẹsẹ̀. Bí idà bá kan ọ̀tá, ẹ̀rọ a dá àwòrán dúró díẹ̀, fún fírémù mélòó kan (ìyẹn àwòrán kọ̀ọ̀kan tó ń tẹ̀ léra) nínú 60 tó ń kọjá ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, kó tó wá jẹ́ kí ọ̀tá náà ta sẹ́yìn. Ojú kì í fi bẹ́ẹ̀ rí ìdádúró yẹn, àmọ́ ọwọ́ mọ̀ ọ́n. Irin a dún, páàdì a gbọ̀n, agbágéèmù a sì gbà pé nǹkan tó le lòun ṣá. Ẹni tó bá yọ fírémù mélòó kan yẹn kúrò, idà rẹ̀ á kàn máa la ọ̀tá kọjá bí ìgbà tí èèyàn ń ṣá èéfín. Àwọn tó ń ṣe irú géèmù yìí lè lo oṣù gbọọrọ lórí ìkọlù kan ṣoṣo, wọ́n sì jàre, nítorí pé ìkọlù yẹn ni ẹni tó rà á máa ṣe ní ẹgbẹẹgbẹ̀rún ìgbà.

Diablo àkọ́kọ́ fẹ́rẹ̀ẹ́ má ní irú ìkọlù yìí rárá. Nígbà tí David Brevik àti ẹgbẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lórí rẹ̀ ní California, géèmù tí kálukú ń dúró de àsìkò tirẹ̀ ni wọ́n fẹ́ ṣe: agbágéèmù á gbé ìgbésẹ̀ kan, iwin á gbé tirẹ̀. Àwọn ará Blizzard tó ń náwó sí i ní kí wọ́n mú ìdúródeni yẹn kúrò. Brevik kò fẹ́ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ dìbò, wọ́n sì borí rẹ̀. Ó bá jókòó ti kóòdù, láàárín wákàtí mélòó kan, ó ti yí i padà. Ó tẹ máúsì lórí egungun òkú kan, jagunjagun rẹ̀ rìn lọ bá a, ó sì fọ́ ọ túútúú. Orí ìtẹ̀ máúsì yẹn ni gbogbo owó tí Diablo pa láti ìgbà náà dúró lé.

Ìkógun ló tẹ̀ lé ìkọlù. Ká mú Diablo II tó jáde lọ́dún 2000. Iwin kan ṣubú. Lábẹ́nú, ẹ̀rọ ti ṣẹ́ gègé: ṣé nǹkan máa jábọ́ ni, àbí kò ní sí? Bí nǹkan bá máa jábọ́, ṣé akoto ni, àbí idà, àbí òrùka? Ó tún ṣẹ́ gègé lórí ipò rẹ̀. Funfun ni wọ́n fi ń kọ orúkọ nǹkan lásán, búlúù ni ti èyí tó ní agbára díẹ̀, yẹ́lò ni ti èyí tó ṣọ̀wọ́n, wúrà sì ni ti àwọn tó lórúkọ tiwọn. Lórí búlúù àti yẹ́lò, gègé náà ló tún máa pinnu agbára tó wà lára wọn, bóyá èyí tó ń dènà iná ni tàbí èyí tó ń mú ọwọ́ yá, àti bí agbára náà ṣe máa pọ̀ tó. Gbogbo èyí kò gba ìṣẹ́jú-àáyá kan. Òrùka balẹ̀, ó dún gbingbin, orúkọ rẹ̀ yọ ní àwọ̀ wúrà, àyà agbágéèmù já. Síbẹ̀ kò tíì mọ ohun tó rí, nítorí pé òrùka náà ṣì wà ní bíbò; àfi kó ka ìwé kan lé e lórí kí agbára rẹ̀ tó hàn. Ìrètí ẹ̀ẹ̀mejì lórí òrùka kan ṣoṣo nìyẹn.

Ohun tó jọjú nínú ètò yìí ni bí ó ṣe rọrùn tó láti ṣe. Ayàwòrán á ya akoto kan, ìṣirò á sì sọ ọ́ di ẹgbẹẹgbẹ̀rún akoto tí kò jọra. Inú ihò tí wọ́n ti ń jà náà ń yí padà bí wọ́n ṣe ń wọ̀ ọ́, nítorí ẹ̀rọ ló ń to ọ̀pọ̀ nínú àwọn yàrá rẹ̀. Géèmù onítàn lè parí ní wákàtí mẹ́wàá, kí wọ́n gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́. Irú èyí lè gba ọgọ́rọ̀ọ̀rún wákàtí lọ́wọ́ ẹnì kan láìjẹ́ pé iléeṣẹ́ tún fi nǹkan kan kún un. Kò sì sí bí a ṣe fẹ́ sọ ọ́ tí kò ní jọ tẹ́tẹ́: èrè tí ẹnikẹ́ni kò mọ ìgbà tó máa dé ló ń so èèyàn mọ́ ìdí nǹkan jù. Àmọ́ nígbà yẹn, àsìkò ni agbágéèmù fi ń ta tẹ́tẹ́ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ owó ti tán lọ́jọ́ tó ra géèmù náà.

Kì í ṣe bẹ́ẹ̀ ni owó ṣe máa ń wọlé láti ìbẹ̀rẹ̀. Ní 1985, Atari Games gbé Gauntlet jáde, ẹ̀rọ ńlá tí èèyàn mẹ́rin lè dúró tì lẹ́ẹ̀kan náà, tí wọ́n sì ń fi owó ẹyọ gbá. Ẹ̀mí oníkálukú ń dín kù bí aago ṣe ń lọ, yálà ọ̀tá kàn án tàbí kò kàn án. Ohùn kan nínú ẹ̀rọ a máa kéde fún gbogbo ayé pé jagunjagun báyìí ń kú lọ. Ẹni náà a ti owó ẹyọ mìíràn bọ inú rẹ̀, ẹ̀mí rẹ̀ a sì lé sí i. Láìsí ìtìjú kankan, aago ni wọ́n ń tà.

Kọ̀ǹpútà inú ilé ló yí ìyẹn padà, íntánẹ́ẹ̀tì sì parí rẹ̀. Diablo bá Battle.net dé, ibi tí àwọn tó ra géèmù ti lè pàdé ara wọn kí wọ́n jọ jà, lọ́fẹ̀ẹ́. Ọ̀fẹ́ yẹn mówó wá, nítorí pé ó ń mú kí ẹni tó fẹ́ bá ọ̀rẹ́ rẹ̀ jà níbẹ̀ fẹ́ ra ẹ̀dà tirẹ̀. Àléébù rẹ̀ ni pé inú kọ̀ǹpútà oníkálukú ni jagunjagun rẹ̀ wà, àwọn oníjìbìtì sì ń fi ọwọ́ ara wọn kọ agbára tó wù wọ́n sí i. Nínú Diablo II, Blizzard kó àwọn jagunjagun lọ sórí ẹ̀rọ tirẹ̀. Jìbìtì kò tán, àmọ́ ó dín kù débi pé ohun téèyàn kó bọ̀ láti ojú ìjà wá níye lórí lójú ẹlòmíràn. Òrùka wúrà kan tó ń jẹ́ Stone of Jordan di owó tí wọ́n fi ń ṣe pàṣípààrọ̀. Nígbà tó yá, wọ́n ń ta ìkógun lórí eBay, ọjà orí íntánẹ́ẹ̀tì, owó gidi sì ń lọ láti ọwọ́ kan sí òmíràn níbi tí Blizzard kò ti rí kọ́bọ̀ mú.

Ibẹ̀ ni ọ̀ràn ti bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí Diablo III máa jáde ní oṣù Karùn-ún 2012, Blizzard pinnu láti gbé ọjà yẹn wọ inú ilé. Wọ́n kọ́ ọjà gbàǹjo méjì sínú géèmù náà, ọ̀kan fún wúrà inú eré, ọ̀kan fún owó gidi. Lórí idà tàbí akoto kọ̀ọ̀kan tí wọ́n bá tà níbi tí wọ́n ti ń fi dọ́là ná, iléeṣẹ́ á yọ dọ́là kan. Ẹni tó bá fẹ́ gba owó rẹ̀ jáde, wọ́n á tún yọ ìdá 15 nínú ọgọ́rùn-ún. Ọ̀rọ̀ náà bọ́gbọ́n mu lójú ẹni tó ń ṣírò owó. Kò kúkú sí ohun tó ṣe títà: ẹ̀dà 3.5 mílíọ̀nù ló lọ ní wákàtí 24 àkọ́kọ́, àwọn ẹ̀rọ iléeṣẹ́ náà sì há lọ́jọ́ náà débi pé ọ̀pọ̀ èèyàn kò ráyè wọlé.

Ẹ wá wo ohun tí gbàǹjo náà ṣe fún ìkógun. Láyé Diablo II, agbágéèmù ń fi òrùka tó rí wé èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ̀. Níbi gbàǹjo, ó ń fi í wé gbogbo òrùka tí ọ̀kẹ́ àìmọye èèyàn ti rí, tí wọ́n pàtẹ sójú kan. Ó ṣòro kí tirẹ̀ dára ju èyí tó máa rà ní ìṣẹ́jú méjì lọ. Pípa iwin di ọ̀nà láti wá owó, ọjà wá di ibi tí agbára ti ń wá. Gègé tí ẹ̀rọ ń ṣẹ́ kò já àyà ẹnikẹ́ni mọ́. Jay Wilson tó darí iṣẹ́ náà sọ ọ́ ní gbangba lọ́dún 2013 pé gbàǹjo náà pa géèmù lára gan-an. Wọ́n tì í pa ní ọjọ́ 18 oṣù Kẹta 2014. Wọ́n tún ètò ìkógun ṣe kí ohun tó ń jábọ́ dín kù ní iye, kó sì bá irú jagunjagun tó pa iwin náà mu. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan tí gbàǹjo kógbá wọlé, wọ́n gbé àfikún Reaper of Souls jáde, ó sì ta ẹ̀dà 2.7 mílíọ̀nù ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ rẹ̀. Iléeṣẹ́ tó gbà láti pa ọ̀nà owó tirẹ̀ rẹ́ kí géèmù lè padà bọ̀ sípò ṣọ̀wọ́n, ìyìn yẹ wọ́n lórí èyí.

Ní Auckland, ní orílẹ̀-èdè New Zealand, Grinding Gear Games ti gba ọ̀nà mìíràn. Ọ̀fẹ́ ni Path of Exile tí wọ́n gbé jáde lọ́dún 2013. Aṣọ, ọ̀ṣọ́ àti àpótí tí èèyàn lè kó ẹrù sí ni wọ́n ń tà, wọn kì í ta idà. Ohun tó ń mú owó padà wá níbẹ̀ ni sáà. Oṣù mẹ́ta tàbí mẹ́rin síra, sáà tuntun á bẹ̀rẹ̀, gbogbo ẹni tó bá bá wọn wọ̀ ọ́ á sì bẹ̀rẹ̀ láti òfo. Ẹni tó ti lówó jaburata lọ́jọ́ tó ṣáájú àti ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé di ẹgbẹ́. Idà búlúù tí kò jọ nǹkan kan á tún di ohun àyọ̀, nítorí pé kò tíì sí ẹni tó ní èyí tó dára jù ú lọ. Ọ̀pọ̀ géèmù onídà ló ti gba sáà mú báyìí, Diablo fúnra rẹ̀ wà lára wọn.

Òótọ́ ni pé àwọn kan ṣì ń ta agbára, tí owó sì ń wọlé fún wọn. Diablo Immortal tó wá sórí fóònù lọ́dún 2022 jẹ́ ọ̀fẹ́, ṣùgbọ́n òkúta agbára inú rẹ̀ tó dára jù ń gba owó gidi lọ́wọ́ èèyàn, wọn kò sì gbé e jáde ní Belgium àti Netherlands níbi tí òfin ti le mọ́ títa ohun tó jọ tẹ́tẹ́ fún agbágéèmù. Ìwọ̀nba èèyàn tó ń náwó rẹpẹtẹ ló ń gbé irú èyí ró.

Ẹ̀ka kejì géèmù onídà wà tí kò bìkítà fún ìkógun bíi ti Diablo. Devil May Cry tí Capcom ṣe ní 2001 bẹ̀rẹ̀ gẹ́gẹ́ bíi Resident Evil 4, géèmù Capcom mìíràn, kó tó di géèmù tó dá dúró. Ọwọ́ agbágéèmù fúnra rẹ̀ ló ń dára sí i níbẹ̀, ẹ̀rọ á sì máa fún un ní máàkì lórí bó ṣe jà. Ẹ̀ẹ̀kan ni wọ́n ń rà á, torí náà àwòrán àti ìtàn gbọ́dọ̀ fa ojú láti ọjọ́ kìíní. God of War ti Sony mọ èyí dáadáa: ti 2018 ta ẹ̀dà 3.1 mílíọ̀nù ní ọjọ́ mẹ́ta, God of War Ragnarök ta 5.1 mílíọ̀nù ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ ní 2022. Ìjà tó dáńtọ́ nìkan kò tó. Bayonetta 2 wà lára àwọn tí ìjà wọn dára jù lọ, síbẹ̀ Nintendo ló fowó rẹ̀ sílẹ̀ kó tó lè parí, orí Wii U ló sì wà lọ́dún 2014, ẹ̀rọ tí gbogbo èyí tí wọ́n tà kò ju 13.56 mílíọ̀nù lọ.

Koei Tecmo ní tirẹ̀ máa ń yá orúkọ. Láti Dynasty Warriors 2 lọ́dún 2000 ni wọ́n ti mọ bí wọ́n ṣe ń kó ọgọ́rọ̀ọ̀rún ọmọ ogun sójú kan fún ẹnì kan láti gbá lọ. Wọ́n gbé ìjà yẹn wọ ayé Zelda, géèmù Nintendo, Hyrule Warriors: Age of Calamity sì kọjá ẹ̀dà 3 mílíọ̀nù láàárín ọjọ́ mélòó kan ní 2020.

Iléeṣẹ́ kékeré náà ń rí jẹ níbẹ̀. Supergiant Games, tí òṣìṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ nǹkan bí 20, bẹ̀rẹ̀ sí í ta Hades ní oṣù Kejìlá 2018 nígbà tí kò tíì parí, wọ́n sì ń tún un ṣe bí àwọn tó rà á ṣe ń sọ ohun tó kù díẹ̀ káàtó. Ìtàn rẹ̀ ń tẹ̀ síwájú nígbàkúùgbà tí agbágéèmù bá kú tó sì padà sílé, nítorí náà kì í tètè sú èèyàn láti bẹ̀rẹ̀ lákọ̀tun. Kó tó parí ní oṣù Kẹsàn-án 2020, ẹ̀dà 700,000 ti lọ. Ó fi 300,000 kún un ní ọjọ́ mẹ́ta. Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ṣe ta Hades II: oṣù Karùn-ún 2024 ni wọ́n ṣí i sílẹ̀, oṣù Kẹsàn-án 2025 ni wọ́n sì parí rẹ̀.