Ṣé omi Ọ̀ṣun ló ń kọ́ ayàwòrán Òṣogbo níṣẹ́?

Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé omi Ọ̀ṣun ló ń fún ayàwòrán Òṣogbo lọ́gbọ́n, pé ẹni tí a bá bí sí etí odò náà kò nílò ohun mìíràn kí ọwọ́ rẹ̀ tó mọ àwọ̀ í lò. Ìgbàgbọ́ yìí dùn létí, ó sì ń bá àwọn tó ń ta àwòrán fún àlejò polówó ọjà, ṣùgbọ́n ìtàn àwọn ayàwòrán náà kò tì í lẹ́yìn.

Twins Seven-Seven, tí òkìkí rẹ̀ kàn jù nínú wọn, kì í ṣe ọmọ Òṣogbo. Ògìdì, ní ìpínlẹ̀ Kogi, ni wọ́n ti bí i, ijó ló sì gbé e wọ ìlú náà, nígbà tó ń jó fún ẹni tó ń ta oògùn kiri. Ìrágbìjí ni Muraina Oyelami ti wá. Jimoh Buraimoh ni ọmọ ìlú, iṣẹ́ iná mànàmáná ló sì ń ṣe fún ẹgbẹ́ eré Dúró Ládiípọ̀. Mbari Mbayo, ilé ẹgbẹ́ àwọn oníṣẹ́ ọnà tí Ládiípọ̀ àti Ulli Beier, ọ̀mọ̀wé ará Jámánì, dá sílẹ̀ ní Òṣogbo ní 1962, ló pa wọ́n pọ̀. Níbẹ̀ ni ayàwòrán Georgina Beier ti kó ọ̀dà àti pákó fún wọn ní 1964, tó sì fi wọ́n sílẹ̀ kí kálukú wá ọ̀nà tirẹ̀.

Lójú tèmi, àyíká ayàwòrán nìyẹn: àwọn tó bá ṣe ẹgbẹ́, ohun èlò tó tó o lọ́wọ́, àti àyè láti ṣe àṣìṣe. Síbẹ̀, àyíká yìí kò sọ wọ́n di ọ̀kan. Buraimoh ń lẹ ìlẹ̀kẹ̀, tí a mọ̀ mọ́ adé ọba, mọ́ ojú pákó ní ìlà-ìlà títí yóò fi di ojú ènìyàn. Twins Seven-Seven, tó kú ní 2011, fi ìlà tín-ín-rín kún gbogbo àlàfo. Orí ènìyàn àti ilé tó fara ti ara wọn ni Oyelami fẹ́ràn. Bí ó bá jẹ́ omi ló ń ya àwòrán, ọwọ́ wọn ì bá jọra.

Igbó Ọ̀ṣun fúnra rẹ̀ gan-an, tí UNESCO kà mọ́ ohun àjogúnbá àgbáyé ní 2005, kò rí báyìí látọjọ́ aláyé ti dáyé. Susanne Wenger, ará Austria tó dé Nàìjíríà ní 1950, àti àwọn bíi Adébísí Àkànjí, tó jẹ́ bíríkìlà tẹ́lẹ̀, ni wọ́n fi sìmẹ́ǹtì mọ púpọ̀ nínú àwọn ère ńláńlá tí àlejò ń rò pé àwọn baba ńlá ló gbé wọn kalẹ̀.