Afináyàwòrán Kì í Ṣe Agbékámẹ́rà

Nídìí fíìmù, ẹnì kan wà tó ń pinnu bí iná ṣe máa tàn àti bí àwòrán ṣe máa rí; directeur de la photographie ni àwọn Faransé ń pè é. Àwọn kan ń pè é ní “olùdarí àwòrán”. Ṣé àwòrán ní ẹsẹ̀ tí wọ́n fi ń darí rẹ̀ ni? Àwọn mìíràn ní “kámẹ́ràmáànù” ti tó. Kò tó. Nídìí fíìmù ńlá, ẹlòmíràn ló sábà máa ń di kámẹ́rà mú.

Afináyàwòrán ni mo ń pè é. Ọ̀rẹ́ mi kan ní àwọn èèyàn á rò pé ẹni tó ń dáná sunlé ni. Mo bi í pé, bí àdúgbò bá pariwo “Wọ́n ti mú iná wá!”, ṣé omi ló máa ń sáré lọ bù? Lọ́jọ́ kejì ó tún gbé “afìmọ́lẹ̀yàwòrán” dé. Ẹ pè é lẹ́ẹ̀mẹta, kí ẹ gbọ́ bí ahọ́n ṣe ń lọ́.

Ẹ wo ìyá aláta lọ́jà alẹ́. Bó bá gbé fìtílà sẹ́yìn ata, ata á dúdú. Bó bá gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́, èyí tó ti ń rọ á máa dán bíi pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ já a ni. Ẹni tó mọ ibi tí fìtílà yẹ kó wà, òun ni mò ń wí.

Irú rẹ̀ ni Bruno Nuytten, ọmọ Faransé tí wọ́n bí ní 1945. Nínú fíìmù Tchao Pantin (1983), Coluche tí gbogbo Faransé mọ̀ sí aláwàdà di ẹni tó ń ta epo mọ́tò lóru, iná Nuytten kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni rántí ẹ̀rín. Ó fi gba César rẹ̀ kejì, ìyẹn àmì-ẹ̀yẹ fíìmù ilẹ̀ Faransé.

Ní 1988, òun àti Marilyn Goldin kọ ìwé eré fíìmù Camille Claudel, òun náà ló sì darí rẹ̀. Ṣùgbọ́n kò fọwọ́ kan fìtílà. Pierre Lhomme, afináyàwòrán mìíràn, ló gbé e fún, Lhomme sì gba César lórí rẹ̀ ní 1989, ọdún tí eré náà gba ti fíìmù tó dára jù lọ. Kí àwọn tó ń pè é ní “olùdarí àwòrán” kọ ìpínrọ̀ yìí, kí olùdarí méjì má kọlura níbẹ̀.