Raoul Coutard

Raoul Coutard (16 Oṣù Kẹsàn-án 1924 – 8 Oṣù Kọkànlá 2016) jẹ́ ayàwòrán sinimá ọmọ ilẹ̀ Faransé. Òun ló di kámẹ́rà mú nínú ọ̀pọ̀ eré tó sọ Ìgbì Tuntun, ìyẹn ọ̀nà tuntun tí àwọn ọ̀dọ́ olùdarí Faransé gbà ń ṣe sinimá, èyí tí àwọn Faransé ń pè ní Nouvelle Vague, di ìlúmọ̀ọ́ká.

Ìlú Paris ni wọ́n bí i sí. Iṣẹ́ ológun ló gbé e dé Indochina (Vietnam, Laos àti Cambodia lónìí), ibẹ̀ ló sì ti ń ya fọ́tò ogun. Nígbà tó yá, ó ń ya fọ́tò fún ìwé ìròyìn Paris Match. Olùdarí eré Pierre Schoendoerffer, tí wọ́n jọ mọra ní Indochina, pè é síṣẹ́ eré kan ní Afghanistan. Coutard rò pé fọ́tò lásán ni òun ń lọ yà. Ó ti gbà tán kó tó mọ̀ pé kámẹ́rà sinimá ni wọ́n fẹ́ gbé lé òun lọ́wọ́.

Ní 1959, Georges de Beauregard, tó ń náwó sí eré, mú un pàdé olùdarí Jean-Luc Godard fún eré À bout de souffle. Godard kò fẹ́ iná ńláńlá, bẹ́ẹ̀ ni kò fẹ́ irin tí kámẹ́rà ń gùn. Coutard wá rí fíìmù Ilford HPS, tó lè ríran nínú ìmọ́lẹ̀ kékeré, ṣùgbọ́n kámẹ́rà fọ́tò ni wọ́n ṣe é fún, rọ́ọ̀lù kan kò sì ju mítà 17.5 lọ. Ńṣe ni wọ́n ń so rọ́ọ̀lù kan mọ́ òmíràn. Kámẹ́rà Caméflex tó gbé léjìká máa ń pariwo, nítorí náà ẹ̀yìn ìgbà tí wọ́n yà á tán ni wọ́n tó gba ohùn àwọn òṣèré sílẹ̀. Bí kámẹ́rà bá ní láti rìn, Coutard á jókòó sínú kẹ̀kẹ́ arọ, Godard á máa tì í. Ní òpópónà Champs-Élysées, inú ọmọlanke ló fara pa mọ́ sí, kí àwọn tó ń kọjá má baà mọ̀ pé wọ́n ń ya àwọn. Ojú ogun ló ti kọ́ irú ìyára yìí: ẹni tó ń ya fọ́tò níbẹ̀ kò lè ní kí oòrùn dúró de òun.

Bó bá jẹ́ inú ilé, ó máa ń kọjú gílóòbù sí àjà, kí ìmọ́lẹ̀ lu àjà kó tó dà sílẹ̀ sára àwọn òṣèré. Òṣèré lè rìn síbi tó wù ú nínú yàrá, ìmọ́lẹ̀ á bá a níbẹ̀. Èyí ni ẹ̀bùn tó tóbi jù lọ tó fún àwọn olùdarí ìgbà náà.

Kì í ṣe dúdú àti funfun nìkan ló mọ̀ ọ́n yà. Nínú Le Mépris (1963), eré Godard, ògiri pupa ilé Casa Malaparte ní erékùṣù Capri ní Italy dúró gbagidi lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkun aláwọ̀ búlúù. Ní ti Alphaville (1965), tí Godard náà darí, Paris gan-an lóru ló yà gẹ́gẹ́ bí ìlú ọjọ́ iwájú.

Ó ya Lola fún Jacques Demy, Jules et Jim fún François Truffaut, àti Z (1969) fún Costa-Gavras ní Algeria. Òun fúnra rẹ̀ darí Hoa-Binh (1970), tó gba ẹ̀bùn iṣẹ́ àkọ́kọ́ níbi àjọ̀dún sinimá Cannes. Le Crabe-Tambour, eré Schoendoerffer, ló fún un ní César, ẹ̀bùn sinimá ilẹ̀ Faransé, ní 1978.

Sauvage Innocence (2001), tí Philippe Garrel darí, ni iṣẹ́ rẹ̀ tó kẹ́yìn. Dúdú àti funfun náà ló yà á.