Eugene Lambert: bó ṣe bẹ̀rẹ̀ eré ọmọláńgidi

Eugene Lambert (1928–2010) jẹ́ eléré ọmọláńgidi àti òṣèré tẹlifíṣọ̀n ọmọ orílẹ̀-èdè Írẹ́láńdì. Ìlú Sligo ni wọ́n ti bí i. Ẹni tí kì í bá ṣe ará Írẹ́láńdì lè má gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí, ṣùgbọ́n àwọn tó jẹ́ ọmọdé níbẹ̀ láàárín ọdún 1967 sí 1982 mọ̀ ọ́n dáadáa sí O'Brady, ẹni tó ń ṣe nínú Wanderly Wagon, ètò tẹlifíṣọ̀n àwọn ọmọdé.

Iṣẹ́ fíríìjì àti ẹ̀rọ amúǹkantutù ló kọ́kọ́ ń ṣe jẹun. Eré ló fi ń kún un, òun àti Finnegan, ọmọláńgidi tí wọ́n jọ máa ń takùrọ̀sọ lórí ìtàgé. Lambert ló ń sọ̀rọ̀ fún àwọn méjèèjì, ètè rẹ̀ kò sì gbọdọ̀ mì bó bá kan Finnegan.

Iṣẹ́ náà le ju bó ti rí lójú lọ. Eléré á la ẹnu díẹ̀, á wá fi ahọ́n ṣe iṣẹ́ ètè. Ìró b, p, m, f àti v ló ń fa wàhálà, nítorí wọn kò ṣeé pè láìlo ètè. Wọ́n a fi d rọ́pò b, t rọ́pò p, n rọ́pò m, wọ́n a sì sọ ọ́ kíákíá, kí etí olùgbọ́ bá wọn tún un ṣe. Ọwọ́ eléré á gba ẹ̀yìn ọmọláńgidi wọlé di ọ̀pá orí rẹ̀ mú, àtàǹpàkò á máa ṣí àgbọ̀n rẹ̀. Bí àgbọ̀n bá pẹ́ lẹ́yìn ohùn, kódà díẹ̀ péré, ojú òǹwòran á ṣí lọ sí ẹnu eléré, àṣírí tú nìyẹn.

Ní 31 Oṣù Kejìlá 1961 ni iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Írẹ́láńdì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Lára ètò ọmọdé tí Lambert kọ́kọ́ ṣe níbẹ̀ ni Murphy agus a Chairde, ní èdè Gaeilge, èdè ìbílẹ̀ Írẹ́láńdì. Eré tẹlifíṣọ̀n ní ìṣòro tirẹ̀. Ẹni tó ń darí ọmọláńgidi àtọwọ́bọ̀ máa ń fara pamọ́ sísàlẹ̀, yóò na apá sókè, yóò sì máa wo àwòrán ara rẹ̀ nínú tẹlifíṣọ̀n kékeré kan. Bí apá bá ti ń ro ó, ọmọláńgidi á máa rì díẹ̀díẹ̀ bí ẹni ń wọ omi. Tẹlifíṣọ̀n ọ̀hún kì í ṣe dígí: bó bá gbé ọwọ́ sí ọ̀tún ara rẹ̀, òsì ni yóò rí i pé ó lọ. Ẹni tí kò tíì mọwọ́ rẹ̀ á fẹ́ tún un ṣe, á sì tún bà á jẹ́ sí i.

Wanderly Wagon bẹ̀rẹ̀ ní Oṣù Kẹsàn-án 1967. Ojú ara rẹ̀ ni Lambert fi ṣe O'Brady, ọ̀kan nínú àwọn tó ń gbé inú ọkọ̀ onígi tó ń fò lójú ọ̀run. Ìdílé Lambert ló ń bójú tó àwọn ọmọláńgidi inú rẹ̀. Ajá tó ń jẹ́ Judge ló gbajúmọ̀ jù nínú wọn, débi pé wọ́n fi kọ́ àwọn ọmọdé bí a ti ń sọdá títì.

Ní 1972, òun àti Mai ìyàwó rẹ̀ ṣí ilé eré ọmọláńgidi sí Monkstown, lẹ́bàá Dublin. Paula ọmọ wọn wà lára àwọn tó fọhùn fún Bosco, ọmọláńgidi inú ètò tẹlifíṣọ̀n ọmọdé mìíràn, nígbà tó yá.