Bí fíìmù dáyárì ìrìnàjò ṣe bẹ̀rẹ̀
Fíìmù dáyárì ìrìnàjò ni fíìmù téèyàn fi ń ṣàkọsílẹ̀ ohun tójú ẹ̀ rí lójoojúmọ́ àti lẹ́nu ìrìnàjò, bí ẹni ń kọ ọ́ sínú ìwé. Kò sẹ́ni tó jókòó tó ní òun fẹ́ dá irú fíìmù yìí sílẹ̀ o. Jonas Mekas, ọmọ abúlé kan ní Lithuania, lẹni táwọn èèyàn sábà máa ń kọ́kọ́ dárúkọ, bẹ́ẹ̀ ìrìnàjò tó gbé e débẹ̀ kì í ṣe ti afẹ́ rárá. Lọ́dún 1944 wọ́n kó òun àti Adolfas àbúrò ẹ̀ lọ sí àgọ́ iṣẹ́ àfipáṣe ní Jámánì, ogun parí tán wọ́n tún ń ti àgọ́ ogunléndé kan bọ́ sí òmíràn, títí wọ́n fi gúnlẹ̀ sí New York ní 1949. Kò pẹ́ tí wọ́n débẹ̀ ló yáwó ra kámẹ́rà Bolex.

Kámẹ́rà yẹn gan-an lọ̀rọ̀ wà. Kì í lo bátìrì, ṣe lẹ máa yí i bí ẹni ń yí aago àtijọ́, tó bá kún, bí ìṣẹ́jú àáyá 28 ló máa fi ṣiṣẹ́, ó tán, ẹ tún un yí. Róòlù fíìmù kan ò sì pé ìṣẹ́jú 3. Ta ló fẹ́ fi ìyẹn ya ìtàn gígùn? Ó tún lè ya fọ́tò kọ̀ọ̀kan tẹ̀ léra, ìdí nìyẹn tí àwòrán Mekas fi máa ń ta pọ́ún pọ́ún, ojú èèyàn, igi, yìnyín, gbogbo ẹ̀ á kàn sáré kọjá, ẹ máa rò pé kò mọ kámẹ́rà lò ni.

Òun náà rò pé òun kàn ń kọ́ ọwọ́ ni, pé tí àyè bá yọ òun á ṣe fíìmù gidi. Àyè ò yọ, iṣẹ́ oúnjẹ òòjọ́ ò jẹ́, róòlù ń pọ̀ sí i nílé, ìgbà tó padà wò wọ́n ló rí i pé fíìmù náà ti wà níbẹ̀. Àkójọ tó gbé jáde ní 1969 gba wákàtí 3.

Lọ́dún 1971 ló wá padà sílé ní Lithuania, ìgbà yẹn Sófíẹ̀tì ló ń ṣàkóso ibẹ̀. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìjọba ló gbájú mọ́, àwọn ará ilé ẹ̀ ló yà, títí kan ìyá ẹ̀ tó ń dáná níta. Ẹ̀yìn ìyẹn ló gba Jámánì kọjá, ó lọ wo ibi tí àgọ́ iṣẹ́ àfipáṣe yẹn wà.

Lọ́dún 1977 Chantal Akerman, ọmọ Bẹ́ljíọ̀m, gbé irú fíìmù yìí gba ọ̀nà míì: àdúgbò New York nìkan lẹ máa rí, òun ò yọjú, ó kàn ń ka lẹ́tà tí ìyá ẹ̀ kọ sí i láti ilé, ariwo mọ́tò á sì bo ohùn ẹ̀ mọ́lẹ̀ nígbà míì, ẹ ò ní gbọ́ ohun tí màmá ń sọ mọ́.